Ẹni Tó Dúró Ti Ẹrẹ̀: Iṣẹ́ Àwọn Tó Ń Ya Fíìmù Ẹ̀dá Inú Igbó àti Omi

Ìdánilẹ́kọ̀ọ́ fún gbogbo ènìyàn, Agbassa, Warri

Iṣẹ́ tí ẹ ní kí n wá sọ̀rọ̀ lé lórí ni ti àwọn tó ń ya fíìmù nípa ìmọ̀ sáyẹ́ǹsì àti nípa ẹ̀dá inú igbó àti omi, irú èyí tí a máa ń rí lórí tẹlifíṣọ̀n tí ẹkùn yóò máa lé àgbọ̀nrín, tí ẹyẹ yóò máa kọ́ ìtẹ́, tí ẹnì kan yóò sì máa fi ohùn pẹ̀lẹ́ ṣàlàyé. Ẹlòmíràn lè máa rò ó pé kí ló da irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ pọ̀ mọ́ Agbassa, níbi tí ariwo kẹ̀kẹ́ àti jẹnẹrétọ̀ kì í jẹ́ kéèyàn gbọ́ ohùn ẹyẹ. Ó dà á pọ̀ gan-an.

Ẹ jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀ láti orí edun. Kò sí ìyá ìbejì kan níjòókòó yìí tí kò mọ̀ pé edun la fi ń ki àwọn ọmọ rẹ̀. A ń kì wọ́n, a ń jó fún wọn, a ń se ẹ̀wà fún wọn. Ṣùgbọ́n nínú ọgọ́rùn-ún ènìyàn tó ń fẹnu pe edun, ó ṣòro kí a tó rí ẹnì kan tó ti fojú ara rẹ̀ rí i lórí igi. Bẹ́ẹ̀, ọ̀kan nínú àwọn ẹ̀yà edun tó ṣọ̀wọ́n jù láyé ń gbé nínú igbó àbàtà ìwọ̀ oòrùn ìpínlẹ̀ Bayelsa, ní ẹ̀gbẹ́ wa níbí. Edun pupa ni. Ọdún 1993 ni àwọn onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ̀ pé ó wà, láti ọwọ́ Bruce Powell. Ní 1999, òun àti Peter Grubb kọ àpèjúwe rẹ̀ jáde, wọ́n sì sọ ọ́ ní epieni, orúkọ tí àwọn Ijaw tó ń bá a gbé ti ń pè é tipẹ́tipẹ́. Lónìí, àjọ IUCN kà á mọ́ àwọn ẹranko tó sún mọ́ ìparun jù lọ. Àwọn agégẹdú ń gé ilé mọ́ ọn lórí, àwọn ọdẹ ń yìnbọn fún un fún ẹran títà, àwọn ipa omi tí ilé-iṣẹ́ epo là wọ igbó sì ti yí bí omi ṣe ń wọlé tó sì ń jáde padà. Rachel Ashegbofe Ikemeh, ọmọ Nàìjíríà tó gba ẹ̀bùn Whitley fún àwọn tó ń dáàbò bo ẹ̀dá ní 2020, wà lára àwọn tó ń sa gbogbo agbára kí ó má bàa parẹ́. Mo fọwọ́ sọ̀yà pé fíìmù ìgbéyàwó tí wọ́n ń yà ní Warri láàárín oṣù kan ṣoṣo pọ̀ ju gbogbo fíìmù tí ayé ní nípa edun yìí lọ.

Ohun tó mú mi wá síwájú yín nìyẹn. Ẹranko tí a fi ń ki ọmọ wa lè kú tán kí a tó rí i. Mo sì fẹ́ kí ẹ gbà mí gbọ́ pé ẹni tó tọ́ sí láti ya á, àti láti ya akàn, ẹja àti ẹyẹ inú àwọn odò wa, ni ẹni tí ilé rẹ̀ kò jìnnà sí wọn, tó sì lè dúró.

Ẹ gbọ́ ìtàn kan ná. Ní oṣù Kẹsàn-án 1954, àwọn ọkùnrin mẹ́rin kúrò ní London, wọ́n forí lé Sierra Leone. Ọ̀kan nínú wọn ni David Attenborough, ẹni ọdún 28. Gbogbo ayé ló mọ orúkọ rẹ̀ báyìí, ṣùgbọ́n nígbà náà kò tíì di ẹnikẹ́ni. Ó ti kẹ́kọ̀ọ́ nípa ẹranko àti òkúta ilẹ̀ ní Cambridge, ó ti sin ìjọba nínú ológun ojú omi, ó ti ṣiṣẹ́ ní ilé ìtẹ̀wé tó ń ṣe ìwé fún ilé-ẹ̀kọ́. Ó kọ̀wé sí BBC pé òun fẹ́ ṣiṣẹ́ rédíò, wọn ò gbà á. Mary Adams, obìnrin kan tó jẹ́ ọ̀gá nínú ẹ̀ka tẹlifíṣọ̀n, ló rí ìwé náà níbi tí wọ́n tì í sí, ló sì ránṣẹ́ pè é. Ó wọlé ní 1952. Mary Adams yìí kan náà ló sọ pé kí wọ́n má fi í síwájú kámẹ́rà, torí eyín rẹ̀ ti tóbi jù. Ẹ̀yin ọmọ tí wọ́n ti dá ìwé yín padà lọ́nà méjì mẹ́ta, ẹ tẹ́tí sí ìyókù ìtàn náà.

Àbá tí òun àti Jack Lester, ẹni tó ń tọ́jú ejò àti alángbá ní ọgbà ẹranko London, jọ dá ni pé kí ọgbà náà lọ kó ẹranko wá láti ìwọ̀ oòrùn Áfíríkà, kí BBC sì tẹ̀lé wọn lọ ya fíìmù. Zoo Quest ni wọ́n pe ètò náà. Ẹyẹ kan ni wọ́n fi ṣe olórí ohun tí wọ́n ń wá, Picathartes gymnocephalus, ẹyẹ orí pípá kan tó máa ń fi ẹrẹ̀ mọ ìtẹ́ rẹ̀ mọ́ ara àpáta nínú igbó dídí. Charles Lagus ló gbé kámẹ́rà. Ìjà àkọ́kọ́ sì ti wáyé kí wọ́n tó kúrò nílé, torí fíìmù mílímítà 35 ni àwọn ọ̀gá BBC mọ̀. Wọ́n ka mílímítà 16 sí ohun ìṣeré lásán. Ṣùgbọ́n ta ni yóò ru kámẹ́rà ńlá yẹn la igbó òjò kọjá? Attenborough kọ̀ jálẹ̀. Nígbà tí wọ́n fi máa fohùn ṣọ̀kan, wọ́n ní kí ó lo mílímítà 16, ṣùgbọ́n kí ó jẹ́ èyí tó ní àwọ̀, torí pé àwòrán rẹ̀ máa ń mọ́ jù, bó tilẹ̀ jẹ́ pé dúdú àti funfun nìkan ni tẹlifíṣọ̀n ìgbà náà ń gbé jáde. Báyìí ni àwọ̀ igbó Sierra Leone ti 1954 ṣe wà nínú agolo fún ohun tó lé ní ọgọ́ta ọdún, kí BBC tó gbé e jáde ní 2016 fún àwọn ọmọ-ọmọ àwọn tó kọ́kọ́ wò ó.

Nígbà tí ètò náà bẹ̀rẹ̀ lórí tẹlifíṣọ̀n ní oṣù Kejìlá, Lester ló yẹ kó máa ṣàlàyé. Àìsàn dá a dúró lẹ́yìn ìgbà àkọ́kọ́. Wọ́n bá ti Attenborough síwájú kámẹ́rà pẹ̀lú eyín rẹ̀ náà. Òun fúnra rẹ̀ ti sọ bí awakọ̀ bọ́ọ̀sì kan ṣe nà jáde lójú fèrèsé láàárín ìgboro London, tó ń bi í bóyá wọn yóò rí ẹyẹ náà tàbí wọn ò ní í rí i. Gbogbo orúkọ gígùn yẹn ni awakọ̀ náà ti há sórí! Àwọn ará ìlú tí wọn kò dé Áfíríkà rí ń fi ẹyẹ wa sùn, wọ́n ń fi í jí.

Wọ́n rí ẹyẹ náà. Ta ló mú wọn dé ibẹ̀? Àwọn ará abúlé tó mọ igbó náà bí ẹní mọ àgbàlá ni. Ìtàn mọ Lester, ó mọ Attenborough, ó mọ Lagus. Ẹ bá mi wá orúkọ ẹni tó mọ àpáta tí ẹyẹ náà ń sùn sí. Bákan náà ni wọ́n kó àwọn ẹranko tí wọ́n mú sínú àgò lọ sí London, ohun tí ẹnikẹ́ni nínú iṣẹ́ yìí kò gbọdọ̀ dábàá lónìí. Mi ò sọ ọ́ láti bu ẹnikẹ́ni kù. Mo fẹ́ kí a rí i pé iṣẹ́ tó gba gbogbo ayé kan, láti ẹ̀gbẹ́ wa níhìn-ín ló ti gbéra, pẹ̀lú ìmọ̀ àwọn ènìyàn bíi tiwa, àti pé ohun tí wọ́n fi mọ̀ ọ́n kò kúrò lọ́wọ́ wa.

Attenborough di ọ̀gá àgbà ní BBC Two ní 1965. Ní 1969 wọ́n fi í ṣe olùdarí gbogbo ètò tẹlifíṣọ̀n BBC. Ó kọ̀wé fi ipò sílẹ̀ láti padà sínú igbó. Ẹ ro ó wò kí ọmọ yín wá sọ irú rẹ̀ fún yín nílé! Life on Earth, apá mẹ́tàlá, tó jáde ní 1979, ló ti ìpinnu yẹn wá.

Mo ní ẹni tó lè dúró ni iṣẹ́ yìí tọ́ sí. Ẹ jẹ́ kí n fi ẹ̀rí rẹ̀ hàn ní Côte d'Ivoire. Ní 1979, Christophe Boesch àti ìyàwó rẹ̀, Hedwige, wọ igbó Taï láti kẹ́kọ̀ọ́ nípa ìnàkí. Bí ìnàkí bá gbúròó ènìyàn, ó ti lọ nìyẹn. Ó tó ọdún márùn-ún kí àwọn ìnàkí náà tó gbà kí wọ́n jókòó nítòsí. Lẹ́yìn náà ni wọ́n wá rí ohun tí ojú àlejò kì í rí: ìnàkí tó ń fi òkúta àti kùmọ̀ igi fọ́ èso líle lórí gbòǹgbò igi, tí ọmọ rẹ̀ ń jókòó wò ó, tó ń gbìyànjú tirẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún kó tó mọ̀ ọ́n ṣe. Wọ́n rí àwọn akọ tí wọ́n pín iṣẹ́ fún ara wọn nígbà ọdẹ, ọ̀kan ń lé, àwọn kan ń dí ọ̀nà, ẹnì kan ti lọ ba níwájú. Ohun tí wọ́n ń dọdẹ rẹ̀ nígbà púpọ̀ ni edun pupa, ìbátan èyí tó wà ní Bayelsa. Fíìmù The Trials of Life gbé ọdẹ yẹn jáde fún gbogbo ayé ní 1990. Ní 2012, Alastair Fothergill àti Mark Linfield gbé Chimpanzee jáde láti inú igbó kan náà: Oscar, ọmọ ìnàkí tí ìyá rẹ̀ kú, tí Freddy, olórí ẹgbẹ́, sì gbà tọ́ bí ọmọ. Kò sẹ́ni tó lè kọ irú rẹ̀ sínú ìwé eré ṣáájú. Ẹni tó bá wà níbẹ̀ lọ́jọ́ tó ṣẹlẹ̀ ló rí i, kò sì sí ọ̀nà tí èèyàn fi lè wà níbẹ̀ lọ́jọ́ yẹn bí kò bá ti wà níbẹ̀ lọ́pọ̀lọpọ̀ ọjọ́ tí nǹkan kan kò ṣẹlẹ̀.

Alan Root àti ìyàwó rẹ̀, Joan, ní Kenya, tún dé ibi tó ya èmi lẹ́nu jù. Òkìtì ọ̀gán ni wọ́n mú, tí wọ́n fi ṣe fíìmù. Ohun tí gbogbo ọmọ oko ń gùn ṣeré! Wọ́n ya bí ikán ṣe ń kọ́ ọ, bí afẹ́fẹ́ ṣe ń wọ inú rẹ̀, ayaba wọn nínú yàrá rẹ̀, àti àwọn ẹranko mìíràn tó ń fi òkìtì náà ṣe ilé. Mysterious Castles of Clay ni orúkọ fíìmù náà, 1978, Orson Welles ló ka ọ̀rọ̀ inú rẹ̀, wọ́n sì dárúkọ rẹ̀ fún ẹ̀bùn Oscar. Mélòó la ti tẹ̀ fọ́ lọ́nà oko? Joan kò gba ibi jẹ́jẹ́ kúrò láyé. Wọ́n pa á nílé rẹ̀ létí adágún Naivasha ní 2006, lẹ́yìn tó ti ń bá àwọn tó ń fi àwọ̀n tí òfin kò gbà pẹja níbẹ̀ jà. Iṣẹ́ yìí lè mú ìbínú wá sórí ẹni tó ń ṣe é, kí ọ̀dọ́ tó bá fẹ́ wọ̀ ọ́ mọ̀ bẹ́ẹ̀.

Irọ́ náà sì wà nínú rẹ̀. Ní 1958, ilé-iṣẹ́ Disney gbé White Wilderness jáde. Nínú rẹ̀, àwọn eku kékeré ilẹ̀ tútù kan ń rọ́ lu ara wọn bọ́ sínú omi láti orí òkè, bí ẹni pé wọ́n fẹ́ pa ara wọn. Fíìmù náà gba Oscar, gbogbo ayé sì gbà á gbọ́. Ní nǹkan bí ogún ọdún ó lé lẹ́yìn náà ni àwọn akọ̀ròyìn Kánádà tú àṣírí rẹ̀: wọ́n ra àwọn eku náà ni, wọ́n kó wọn lọ síbi tí wọn kì í gbé, wọ́n sì tì wọ́n sọ̀ kalẹ̀. Títí dòní olónìí, àwọn ènìyàn ṣì gbà pé eku yẹn máa ń pa ara rẹ̀. Ẹni tó bá yan irọ́ nínú iṣẹ́ yìí, irọ́ rẹ̀ yóò pẹ́ jù ú lọ láyé.

Nílé wa ńkọ́? Nígbà tí àjàkálẹ̀ àrùn tí eku ń gbé kiri kọlu Èkó ní àwọn ọdún 1920, òṣìṣẹ́ ìlera kan, William Sellers, bẹ̀rẹ̀ sí í fi fíìmù kọ́ àwọn ará ìlú bí wọn ó ṣe dènà rẹ̀. Iṣẹ́ rere ni. Láti ibẹ̀ ló ti di ọ̀gá Colonial Film Unit tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì dá sílẹ̀ ní 1939. Ṣùgbọ́n ìgbàgbọ́ kan wà lọ́kàn rẹ̀ tí kò yẹ ká gbójú fò: ó gbà pé Adúláwọ̀ kò lè tẹ̀lé fíìmù tí àwòrán rẹ̀ bá ń yára yí padà, pé díẹ̀díẹ̀ ni kí wọ́n máa fi hàn wá bí ọmọdé. Ènìyàn tó ń sọ èyí kò dúró wo eégún apidán rí. Àwọn bàbá wa jókòó lágbàlá, wọ́n rí eégún tó wọlé bí ènìyàn, tó di erè, tó di ọ̀nì, tó tún di ènìyàn padà, láàárín àkókò tí onílù fi yí ìlù. Ta ló ṣàlàyé fún wọn? Ọdẹ tó ń sun ìjálá náà ti ń sọ ìrìn erin, ojú ọ̀bọ àti ìbínú ẹfọ̀n kí kámẹ́rà tó dé. Ìwé tí Adébóyè Babalọlá kọ lórí ìjálá, tó jáde ní 1966, kún fún irú oríkì ẹranko bẹ́ẹ̀. Ẹni tó ti wo ẹranko pẹ́ ló lè kì í báyẹn.

Lẹ́yìn Sellers, Frank Speed àti dókítà ọpọlọ kan, Raymond Prince, ya Wèrè Ni ní 1963, fíìmù nípa bí àwọn oníṣègùn Yorùbá ṣe ń tọ́jú alárùn ọpọlọ. Ọlá Balógun, ọmọ Yorùbá tí wọ́n bí ní Aba ní 1945, tó kọ́ṣẹ́ fíìmù ní Paris, ya ọ̀pọ̀ dọkumẹ́ńtárì kó tó di ẹni tí a mọ̀ mọ́ fíìmù Àjàní Ògún. Láyé yìí, Fẹ́mi Odùgbèmí ti ya Makoko: Futures Afloat, òun àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ sì dá àjọ̀dún iREP sílẹ̀ l'Ékòó, níbi tí àwọn tó ń ya irú fíìmù yìí ti ń pàdé. Dókítà ẹranko kan, Mark Ofua, ń ṣe ètò tẹlifíṣọ̀n fún àwọn ọmọdé nípa ẹranko wa. Ọ̀nà ti là, ẹsẹ̀ ni kò tíì pọ̀ lórí rẹ̀.

Ní Niger Delta níbí, epo ni kámẹ́rà ń wá. Ní 2005, Sandy Cioffi láti Amẹ́ríkà wá sí Oporoza, ní Gbaramatu, láti ya fíìmù nípa ilé ìkàwé kan tí wọ́n ń kọ́ síbẹ̀. Nígbà tó rí bí àwọn ará ibẹ̀ ṣe ń gbé, kò lè padà sórí ilé ìkàwé mọ́. Ní oṣù Kẹrin 2008, àwọn ológun mú òun àti àwọn tó ń bá a ṣiṣẹ́ lórí omi, wọ́n fi wọ́n sí àhámọ́ fún ọ̀sẹ̀ kan. Ní 2009 fíìmù náà jáde, Sweet Crude, ní ọdún kan náà tí ìbọn ológun wọ Oporoza. Nowhere to Run, tí Ken Saro-Wiwa kékeré ka ọ̀rọ̀ inú rẹ̀, tẹ̀lé e ní 2015. Mo bọ̀wọ̀ fún gbogbo àwọn tó ṣe fíìmù wọ̀nyí. Ṣùgbọ́n ẹ wo bí ẹ̀dá inú omi wa ṣe máa ń hàn nínú irú fíìmù bẹ́ẹ̀: ẹja tó ti kú, akàn tí epo ti bò, igi tó ti gbẹ. Òkú nìkan ni ayé ń rí lára odò wa. Bí ó ṣe rí nígbà tó wà láàyè, ta ló yà á?

Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ti ẹwà nìkan. Ẹ rántí Bodo, ní Ogoni. Lẹ́yìn tí epo tú sínú odò wọn ní 2008, ẹjọ́ lọ títí dé London, Shell sì gbà ní oṣù Kìíní 2015 láti san mílíọ̀nù 55 pọ́n-ùn. Nínú irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀, ìbéèrè tí kì í ṣeé yẹ̀ ni pé kí ni odò náà ní tẹ́lẹ̀? Ẹja wo, ó tó mélòó, igi wo, ó tóbi tó báwo? Apẹja mọ̀ ọ́n, ṣùgbọ́n ẹnu rẹ̀ ni wọ́n fẹ́ kó fi wọ̀n ọ́n. Fíìmù tí ẹnì kan bá fi sùúrù yà lónìí nínú ipa omi kan tó ṣì mọ́, pẹ̀lú ọjọ́ àti ibi tí wọ́n ti yà á, ẹ̀rí ni lọ́la. Ìdí tí mo fi ń bẹ àwọn ọ̀dọ́ yín nìyẹn: kí wọ́n lọ ya odò kó tó ṣàìsàn.

Kí ni wọn ó yà? Ẹ jẹ́ kí n mú yín lọ sínú igbó mangrove, àwọn igi tó na gbòǹgbò sókè bí ẹsẹ̀ nínú omi oníyọ̀ létí odò wa. Mangrove Niger Delta ló tóbi jù ní Áfíríkà. Omi ni aago ibẹ̀. Ó ń kún lẹ́ẹ̀mejì, ó ń fà lẹ́ẹ̀mejì lóòjọ́, nǹkan bíi wákàtí 12 àti ìṣẹ́jú 25 láàárín kíkún kan sí èkejì. Nítorí náà, lójoojúmọ́ ó máa ń fi bíi ìṣẹ́jú 50 pẹ́ ju ti àná lọ. Ẹni tó bá fi aago ọwọ́ rẹ̀ ṣètò iṣẹ́ yóò máa bá omi ní kíkún nígbà tó fẹ́ ẹrẹ̀. Apẹja kì í ṣe irú àṣìṣe yìí.

Bí omi bá fà, akàn yóò jáde, èyí tí akọ rẹ̀ ní ọwọ́ ńlá kan àti kékeré kan. Yóò fi ọwọ́ kékeré máa bu ẹrẹ̀ jẹ, yóò máa ju ọwọ́ ńlá sókè sódò. Ó ń pe abo ni, ó sì ń kìlọ̀ fún akọ ẹgbẹ́ rẹ̀. Bí òjìji oníkámẹ́rà bá ṣẹ́ lé e, gbogbo wọn á ti wọ ihò. A ní ojú lalákàn fi ń ṣọ́rí. Ẹni tó sọ ọ́ ti dúró wo akàn dáadáa, torí ojú akàn náà dúró lórí ọ̀pá, ó ń wo ẹ̀yìn, ó ń wo iwájú. Kí lẹ ó ṣe? Ẹ ó dùbúlẹ̀ sórí pákó, kámẹ́rà ní ìsàlẹ̀ bí ojú akàn, ẹ ò ní í mira. Ẹ̀fọn yóò jẹ yín. Lẹ́yìn ìgbà pípẹ́, ọ̀kan yóò yọjú, yóò tún padà, yóò tún yọjú. Nígbà tí gbogbo ẹrẹ̀ bá tún kún fún ọwọ́ tó ń jù, ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ nìyẹn.

Ẹja kan wà níbẹ̀ náà, kékeré, ojú rẹ̀ yọ sókè orí, tó máa ń fi lẹ́bẹ́ ìgbáyà rìn lórí ilẹ̀, tó ń fò, tó ń gun gbòǹgbò. Níwọ̀n ìgbà tí ara rẹ̀ bá ti tutù, ó lè mí láìsí nínú omi, torí awọ rẹ̀ àti inú ẹnu rẹ̀ ń gba afẹ́fẹ́. Àwọn ọmọ etí odò ń lé e ṣeré. Àwọn ọmọ Tókyò àti London ń sanwó láti wò ó nínú gíláàsì. Ẹ tún wo ọ̀pẹ nipa tó ń gba àyè mangrove: àjèjì ni, wọ́n gbìn ín sí Calabar ní 1906 àti sí Oron ní 1912, ó sì ti ń tàn kálẹ̀ láti ìgbà náà. Ẹni tó bá lọ dúró sí ibì kan náà lẹ́ẹ̀kan lóṣù, tó ya ibẹ̀ láti igun kan náà fún ọdún mẹ́wàá, yóò ní ohun tí ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n kankan kò lè rà, torí kò sí èyí tó wà níbẹ̀.

Ẹ̀yin òbí, mo mọ ohun tó wà lọ́kàn yín. Ṣé ó ń bọ́ ènìyàn? Mi ò ní í tàn yín. Ní Bristol, níbi tí BBC dá ẹ̀ka fíìmù ẹ̀dá rẹ̀ sílẹ̀ ní 1957, oṣù dé, owó dé ni fún àwọn kan. Níbí, ẹni tó bá bẹ̀rẹ̀ yóò máa fi òde àríyá Sátidé bọ́ ara rẹ̀ kó lè lọ sínú ẹrẹ̀ ní Ọjọ́rú. Kò sí ìtìjú nínú ẹ̀. Òde yẹn ń kọ́ ọwọ́ rẹ̀ bí a ṣe ń ya ohun tí kò ní í tún ṣẹlẹ̀ mọ́. Iṣẹ́ náà sì ju kámẹ́rà lọ: ẹni tó ń ṣèwádìí, ẹni tó ń gba ohùn, ẹni tó ń to fíìmù, ẹni tó ń kọ ọ̀rọ̀ àti ẹni tó ń kà á. Ọmọ tó kẹ́kọ̀ọ́ nípa ẹranko ní yunifásítì tó wà ní Abraka ti mú ìdajì iṣẹ́ náà dání. National Film Institute ní Jos, tó ti wà láti 1995, lè fún un ní ìyókù. Fíìmù ẹ̀dá tí wọ́n fi Yorùbá ka ọ̀rọ̀ inú rẹ̀ ṣọ̀wọ́n bí ojú. Àyè ńlá ni fún ẹni tó bá ní ohùn.

Ṣùgbọ́n kí ẹni tó bá wọ iṣẹ́ yìí má ṣe gbé drone sókè lórí odò wa láìgba ìwé àṣẹ láti ọ́fíìsì olùdámọ̀ràn ààrẹ lórí ètò ààbò àti àjọ tó ń mójú tó ọkọ̀ òfuurufú. Níbi tí paipu epo àti ológun wà, wọn kì í bi ènìyàn pé akàn lò ń yà. Kó kí àwọn àgbà abúlé kó tó sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀ ojú omi. Kó má sì sọ ibi tí ẹyẹ tàbí edun ń gbé fún gbogbo ayé. Ní Ghana, ìwádìí tó jáde ní 2016 fi hàn pé odídẹrẹ́ ti dín kù láti ìdá 90 sí 99 nínú ọgọ́rùn-ún láti 1992, ọwọ́ àwọn tó ń mú wọn tà sì wà nínú ẹ̀. Àwòrán tó bá fi ìtẹ́ hàn lè di máàpù fún olè.

Ó ku ọ̀rọ̀ kan, ti ìpamọ́. Ní ilé tí Colonial Film Unit ń lò nígbà kan ní Ìkòyí l'Ékòó, Didi Cheeka, ọmọ Nàìjíríà tó ń ya fíìmù, rí agolo fíìmù lórí agolo fíìmù tó ti ń dípẹtà, tó ń jẹrà. Iṣẹ́ ọ̀pọ̀ ọdún ló wà níbẹ̀ tí ẹnikẹ́ni kò bójú tó. Mo bẹ ẹ̀yin àgbà Agbassa: ẹnikẹ́ni tó bá wá ya odò yín, ọmọ yín ni o, àlejò ni o, kí ẹ gbà á lálejò, kí ẹ sì bá a kọ àdéhùn. Kí orúkọ apẹja tó fi ọ̀nà hàn án wà nínú fíìmù náà. Kí ẹ̀dà kan wà ní ilé-ẹ̀kọ́ kan níbí, pẹ̀lú olùkọ́ tí yóò máa dà á sórí ẹ̀rọ tuntun bí èyí tó ti pẹ́ bá ń bàjẹ́. Kó tó dé Èkó, kó tó dé Bristol, gbọ̀ngàn yìí ni kí wọ́n ti kọ́kọ́ fi hàn, níwájú àwọn tó ni odò. Bí ìyá tó ti ń kó akàn láti kékeré bá sì dìde láàárín èrò pé akàn kì í ṣe báyẹn nígbà òjò, kí ẹni tó ya fíìmù náà kó kámẹ́rà rẹ̀, kó bi ìyá náà léèrè ọjọ́ tí omi yóò fà jù, kí wọ́n sì jọ padà lọ.